Fífín: Ọ̀rọ̀ tí Irin Kọ

Igi gbígbẹ́ kọ́ ni igi gbígbẹ. Ọwọ́ gbẹ́nàgbẹ́nà ti kan ti àkọ́kọ́, ó ti di ère tàbí ọpọ́n. Èkejì dá gbẹ fúnra rẹ̀ nínú igbó, ìdí ààrò ni yóò parí sí. Àmì ohùn kan péré ló wà láàrin wọn.

Ọdún 31 ni mo fi kọ́ àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ girama ní èdè Yorùbá kí n tó fẹ̀yìn tì ní Ìbàdàn. Igi méjèèjì yìí ni mo sì máa ń gbé síwájú wọn tí a bá dé orí bí a ṣe ń sọ ọ̀rọ̀-ìṣe di ọ̀rọ̀ àpèjúwe. Ẹ mú ọ̀rọ̀-ìṣe, ẹ pe kọ́ńsónáǹtì iwájú rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, ẹ fi í olóhùn òkè sáàrin: kọ á di kíkọ, tẹ̀ á di títẹ̀, gbẹ́ á di gbígbẹ́, fín á di fífín. Àwọn ọmọ máa ń gba mẹ́ta àkọ́kọ́ wọ̀ọ̀rọ̀wọ́. Tí mo bá dé orí fífín, wọ́n á máa wo ara wọn lójú. Wọ́n mọ̀ pé àgbẹ̀ ń fín òògùn sí kòkó, wọ́n sì mọ̀ pé ọmọ iṣẹ́ alágbẹ̀dẹ ń fínná. Èyí tí irin ń fín sára nǹkan, ọ̀pọ̀ wọn kò gbọ́ ọ rí. Ọ̀rọ̀ náà ń kú lọ lẹ́nu wa, bẹ́ẹ̀ a kò tí ì nílò rẹ̀ tó báyìí rí, nítorí gbogbo ìlú ló ti kún fún òkúta tí a fín ọ̀rọ̀ sí lára.

Kọ ni ó gbòòrò jù nínú wọn. Àgbẹ̀ kọ ebè, olóòlà kọ ilà, akẹ́kọ̀ọ́ kọ ìwé. Ọkọ́ la ilẹ̀, abẹ la ẹ̀rẹ̀kẹ́, gègé la ojú bébà funfun. Nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ohun kan kọjá lójú ohun kan, ipa rẹ̀ kò sì parẹ́ mọ́. Nígbà tí ìwé kíkọ dé ilẹ̀ wa, kò sí pé a ń wá orúkọ fún un. Ọ̀rọ̀ tí yóò gbà á lálejò ti wà nílẹ̀, ó ti pẹ́ tó ti ń ṣiṣẹ́ lóko àti lójú ọmọ ènìyàn. Tẹ̀ ní tirẹ̀, ọwọ́ ló fi ń ṣiṣẹ́. Babaláwo á bu ìyẹ̀rosùn sójú ọpọ́n, á fi ìka tẹ odù sínú rẹ̀, ẹyọ kan tàbí méjì méjì. Nígbà tí ẹ̀rọ ìwé dé, a ní ó ń tẹ̀wé. Gbẹ́ ń yọ nǹkan jáde ní yíyọ tó pọ̀: a gbẹ́ kànga, a gbẹ́ odó, a gbẹ́ ère.

Fín kì í yọ nǹkan púpọ̀. Ojú ohun tó ti pé tẹ́lẹ̀ ni a ń fín. Igbá ti jẹ́ igbá kí ọ̀bẹ tó kàn án. Àlùfáà Àgùdà kan, Kevin Carroll, tó wà lára àwọn tó dá ibi iṣẹ́ ọnà sílẹ̀ ní Ọ̀yẹ́-Èkìtì ní 1947, níbi tí Lámídì Fákẹ́yẹ ti kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ George Bándélé, kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ tó jáde ní 1967 pé ìpele mẹ́rin ni àwọn gbẹ́nàgbẹ́nà fi ń ṣiṣẹ́. Wọ́n á kọ́kọ́ ṣe ọnà lílé, tí àáké á fi pín igi sí orí, ara àti ẹsẹ̀. Àlétúnlé á tẹ̀ lé e, tí etí, ojú àti ọwọ́ á yọ. Lẹ́yìn náà ni dídán, tí ara igi á máa jọ̀lọ̀. Fífín ló kẹ́yìn. Ọ̀bẹ kékeré ni a fi ń ṣe é: irun orí, ilà ojú, ọnà ara aṣọ. Ẹ kíyè sí ibi tó wà nínú ètò yẹn. Bí àáké bá ṣìnà nígbà lílé, àlétúnlé lè gbé e bò. Bí fífín bá ṣìnà, kò sí iṣẹ́ mìíràn lẹ́yìn rẹ̀ tó lè tún un ṣe. Nígbà tí a bá ní kí ènìyàn wo nǹkan fínnífínní, ẹnu ọ̀bẹ kékeré yẹn ni èmi máa ń rí.

Mo ní ìdí tí mo fi ń rí i. Bàbá tó bí ìyá mi, onífíngbá ni wọ́n ní Ọ̀yọ́. Láti kékeré ni wọ́n ti máa ń gbé mi lọ sọ́dọ̀ wọn tí ilé ìwé bá ti gba ọlidé, ìdí iṣẹ́ wọn ni mo sì máa ń jókòó sí títí oúnjẹ á fi jinná. Wọ́n á fi ẹsẹ̀ méjèèjì di igbá mú bí ẹni tó di orí ọmọ mú láti gẹ irun fún un. Ọ̀bẹ wọn kò gùn ju ìka lọ, wọ́n ti fi àkísà wé ìdí rẹ̀. Wọn kì í ti ọ̀bẹ síwájú. Igbá ni wọ́n ń yí. Ọwọ́ òsì á máa yí igbá díẹ̀díẹ̀ lọ sábẹ́ ọ̀bẹ, ọwọ́ ọ̀tún á dúró gbọin. Awọ òkè igbá, tó pọ́n bí oyin, á ṣí, ẹran rẹ̀ tó funfun á yọ. Eruku rẹ̀ fúyẹ́ ju ti ẹfun lọ. Tó bá ti pọ̀ lójú ọnà, wọ́n á fẹ́ ẹ kúrò, wọ́n á gbé igbá sókè sí oòrùn, wọ́n á dijú kan wò ó.

Bàbá àgbà mi kò mọ̀wé. Síbẹ̀ wọ́n ń fín orúkọ. Ní ìgbà yẹn, igbá ọlọ́mọrí wà lára ohun tí ìyàwó ń gbé lọ sílé ọkọ, àwọn ènìyàn sì fẹ́ràn kí orúkọ ìyàwó wà lójú ọmọrí rẹ̀. Oníbàárà á kọ orúkọ náà sórí bébà gàdàgbà gàdàgbà, á gbé e fún wọn, wọ́n á sì fín in bí wọ́n ṣe rí i. Lójú wọn, kò sí ìyàtọ̀ láàrin lẹ́tà àti ọnà ewé tàbí alángbá tí wọ́n ń fín sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ sọ gan-an nìyí: nítorí pé wọn kò mọ̀wé, wọn kò fo àmì kankan. Wọn kò mọ èyí tó jẹ́ lẹ́tà, wọn kò mọ èyí tó jẹ́ àmì. Ohun tó wà lórí bébà ló wà lórí igbá. Ẹ̀ka kékeré tó wà lórí A, ó wà níbẹ̀. Ẹyọ tó wà lábẹ́ E, ó wà níbẹ̀.

Ọ̀kan nínú àwọn igbá náà wà nílé wa di òní. Ti ìyá mi ni. Bàbá mi, tó jẹ́ tíṣà ọ̀dọ́ ní ilé ìwé ìjọ nígbà náà, ló kọ orúkọ ìyàwó àfẹ́sọ́nà wọn sórí bébà ní 1957, bàbá ìyàwó ló sì fín in. Orúkọ náà ni ÀṢÀKẸ́.

Kì í ṣe gbogbo ohun tí a kọ ni ó yẹ kó pẹ́. Ní àdúgbò bàbá àgbà mi ní Ọ̀yọ́, ilé kéwú kan wà tí ọmọ púpọ̀ ń lọ. Kálámù igi ni wọ́n fi ń kọ háráfì sójú wàláà pẹ̀lú tàdáwà. Bí ọmọ bá ti ka tirẹ̀ tán láìkọsẹ̀, omi ni wọ́n fi ń fọ wàláà náà kí wọ́n tó kọ òmíràn sí i. Àwọn kan á gba omi tí wọ́n fi fọ̀ ọ́, èyí tí wọ́n ń pè ní hàntú, wọ́n á mu ún fún ìlera. Odù tí a tẹ̀ sínú ìyẹ̀rosùn náà, ọwọ́ ni a fi ń pa á kí a tó tẹ òmíràn. Méjèèjì ni ìwé kíkọ tó níyì, méjèèjì la sì ń pa rẹ́. Àṣìṣe ojú wàláà kò tó nǹkan, omi ni òògùn rẹ̀. Ó máa ń jọ mí lójú pé nígbà tí àwọn tó túmọ̀ Bíbélì sí Yorùbá ń wá ọ̀rọ̀ fún òkúta méjì tí Mósè gbà lórí òkè, wàláà yìí kan náà ni wọ́n mú. Pákó tí omi ń fọ̀ ya orúkọ rẹ̀ fún òkúta tí Ọlọ́run fín.

Òkúta ni ìṣòro mi.

Nílẹ̀ òkèèrè, àwọn tó ń fín òkúta ti mọ̀ tipẹ́ pé irin kì í tọrọ àforíjì. Ní Róòmù, òpó kan wà tí wọ́n kọ́ fún Ọba Trajan ní ọdún 113. Lẹ́tà ìdí rẹ̀ dára tó bẹ́ẹ̀ tí àwọn tó ń ṣe lẹ́tà ìwé títẹ̀ ṣì ń wò ó kọ́ṣẹ́ títí di òní. Edward Catich, àlùfáà ará Amẹ́ríkà tó tún mọ iṣẹ́ kíkọ pátákó, jókòó ti òpó yẹn, ó wọ̀n ọ́n, ó fọwọ́ tọ ipa lẹ́tà kọ̀ọ̀kan, ó sì sọ nínú ìwé rẹ̀ tó jáde ní 1968 pé kì í ṣe irin ló kọ́kọ́ kọ ọ́. Búrọ́ọ̀ṣì ni. Ẹnìkan ti fi ọ̀dà kọ gbogbo rẹ̀ sójú òkúta ná, ó ti yẹ̀ ẹ́ wò, kí òòlù tó dún. Ẹ̀bá etí lẹ́tà tó fẹ̀ díẹ̀ ní ìpẹ̀kun, ibi tí búrọ́ọ̀ṣì ti yí ọwọ́ padà ni. Nígbà tí mo kà á, bàbá àgbà mi àti bébà àwọn oníbàárà wọn ni mo rántí. Fífín ló kẹ́yìn, kíkọ ló ṣáájú.

Àwọn ará Róòmù yìí tún mọ ìwọ̀n ọ̀rọ̀. Òkúta wọ́n, ọwọ́ ń ro oníṣẹ́, nítorí náà ọ̀rọ̀ ní láti mọ ní ìba. Lórí ilé ńlá tí wọ́n ń pè ní Pantheon, lẹ́tà méjì péré ni wọ́n fi sọ pé Agrippa, tí wọ́n fín orúkọ rẹ̀ síbẹ̀, jẹ́ ọmọ Lucius. Lapis ni wọ́n ń pe òkúta ní èdè Látìnì, láti inú rẹ̀ ni àwọn òyìnbó ti fa ọ̀rọ̀ àpèjúwe kan jáde tí wọ́n ń lò fún ohun tí a fín sára òkúta, tí wọ́n sì tún ń lò fún ọ̀rọ̀ ẹnu tó kúrú tó sì gún régé, tí a kò lè yọ nǹkan kan nínú rẹ̀. Mo fẹ́ràn ìlò kejì yẹn. Ó yẹ kí fífín wa náà lè ṣe iṣẹ́ yẹn: ọ̀rọ̀ fífín, ọ̀rọ̀ tí ẹni tó sọ ọ́ ti wò tán kó tó la ẹnu.

Níti àmì, Íjíbítì ló kọ́ mi lẹ́kọ̀ọ́ tó ga jù. Ní 1799, àwọn ọmọ ogun Faransé rí òkúta dúdú kan ní Rashid, ìlú tí àwọn òyìnbó ń pè ní Rosetta. Àṣẹ kan tí wọ́n pa ní ọdún 196 kí a tó bí Jésù, lásìkò Ọba Ptolemy Karùn-ún, ni wọ́n fín sí i lára lọ́nà mẹ́ta: lẹ́tà àwòrán ti àwọn àlùfáà, ìkọ̀wé ojoojúmọ́ àwọn ará Íjíbítì, àti èdè Gíríìkì. Òkúta náà wà ní British Museum ní Lọ́ńdọ̀nù láti 1802. Kò sẹ́ni tó lè ka lẹ́tà àwòrán mọ́ nígbà yẹn. Ohun tó ṣílẹ̀kùn kì í ṣe lẹ́tà rárá. Òrùka gígùn kan ni, tí àwọn oníṣẹ́ Íjíbítì máa ń fín yí orúkọ ọba ká. Òrùka yẹn kò ní ohùn, kò sẹ́ni tó ń pè é lẹ́nu. Ṣùgbọ́n ó sọ fún Jean-François Champollion àti àwọn tó ṣáájú rẹ̀ pé orúkọ ọba wà níhìn-ín, wọ́n sì fi orúkọ Ptolemy tó wà ní Gíríìkì wé e. Ní 1822, Champollion kéde pé òun ti mọ bí a ṣe ń kà á. Ká ní oníṣẹ́ tó fín òkúta náà sọ lọ́jọ́ yẹn pé òrùka yìí kò ṣe pàtàkì, pé gbogbo ènìyàn ló mọ orúkọ ọba, ibo ni wọn ìbá ti bẹ̀rẹ̀?

Íjíbítì yìí náà ni wọ́n ti fi òòlù pa ohun tí òòlù kọ. Hatshepsut, obìnrin tó jọba níbẹ̀ ní ohun tó lé ní 3,400 ọdún sẹ́yìn, wọ́n gbé òòlù lọ bá orúkọ rẹ̀ lára ògiri lẹ́yìn ikú rẹ̀, wọ́n ń ha á kúrò lọ́kọ̀ọ̀kan. Ṣùgbọ́n ipa orúkọ ṣì hàn níbi tí wọ́n ti ha á. Nílé wa, Ọ̀pá Ọ̀rànmíyàn wà ní Ilé-Ifẹ̀, òkúta tó ga tó mítà márùn-ún àti ààbọ̀, tí wọ́n kan ìṣó irin mọ́ lára ní ìlà bí ẹni tó ń kọ nǹkan. Mo ti dúró nídìí rẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta. Ẹnu kò kò lórí ohun tí ìṣó wọ̀nyẹn ń sọ, ṣùgbọ́n ẹni tó kàn wọ́n kò kàn wọ́n ní àkànṣáá.

Bàbá mi kú ní 2008. Ọdún kejì ni a gbé òkúta mábù funfun sórí ibojì wọn ní ìtẹ́ òkú ìjọ. Ẹni tó bá wa ṣe é ń gbowó ní lẹ́tà kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin mú ọ̀rọ̀ tí mo kọ lọ bá a, ó ní àmì òkè àti ìsàlẹ̀ á mú iṣẹ́ pẹ́, pé gbogbo ènìyàn ló máa kà á bẹ́ẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi gbà. Wọ́n fi tó mi létí lórí fóònù, èmi náà gbà, èmi tí mo ti ń fi gègé pupa yí àmì tí kò sí níbẹ̀ ká nínú ìwé ọmọ ọlọ́mọ fún ọdún púpọ̀. Ọjọ́ ìrántí ti sún mọ́lé, a ti pe àlejò.

Ìlà kejì òkúta náà ni a fi yìn wọ́n. Ohun tí mo kọ ni Ọkọ rere, bàbá rere. Ohun tí wọ́n fín ni OKO RERE, BABA RERE.

Ọdún 2017, ọmọ ọmọ ẹ̀gbọ́n mi wá láti Lọ́ńdọ̀nù. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni. Ìyá rẹ̀ ń gbé e lọ kọ́ Yorùbá ní gbogbo Sátidé níbẹ̀, wọ́n sì ti kọ́ ọ pé kó wo ìsàlẹ̀ lẹ́tà kó tó pè é. A mú un lọ wo ibojì. Ó kúnlẹ̀, ó fi ìka tẹ̀ lé lẹ́tà, ó ń kà á sókè bí wọ́n ṣe kọ́ ọ. Ó ka oko, bí oko tí à ń ro. Ó ka bàbà, bí ọkà bàbà, nítorí pé oko ló ti kọ́kọ́ kà, ó sì rò pé ohun tó wà lóko ló tẹ̀ lé e. Ó wá gbójú sókè ó bi mí pé, "Ìyá àgbà, ṣé oko ni bàbá àgbà ní?"

Bàbá mi kò ní oko. Ṣọ́ọ̀kì ni wọ́n fi jẹun, wọ́n sì jẹ́ ọkọ rere. Ọmọ náà kò ṣàṣìṣe kankan. Ohun tó wà lára òkúta ló kà.

Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń yẹ òkúta wò káàkiri, ní ìtẹ́ òkú, ní ẹnu ọ̀nà ilé ìwé, lábẹ́ fèrèsé ilé ìjọsìn. Ọ̀pọ̀ òkúta ìpìlẹ̀ tí mo rí, Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi kọ ọ́. Èyí tó bá jẹ́ Yorùbá, ó di dandan kó wà láìní àmì, bí ẹni pé àmì jẹ́ ohun tí ilé ẹ̀kọ́ nìkan ń lò. Bẹ́ẹ̀ ẹyọ ìsàlẹ̀ yìí ti dàgbà jù wá lọ. Ajàyí Crowther tẹ ìwé ọ̀rọ̀ Yorùbá rẹ̀ jáde ní 1843. Ní 1875, àwọn àgbà ìjọ jókòó ní Èkó láti fẹnu kò lórí bí a ó ṣe máa kọ èdè yìí, Bíbélì odindi sì jáde ní 1884. Àwọn ènìyàn wọ̀nyẹn jà lórí ẹyọ kan tó kéré ju hóró iyanrìn lọ, nítorí wọ́n mọ̀ pé láìsí i, ọkọ á di oko, ọjọ́ á di òjò lẹ́nu ẹni tó ń kà á.

Mo lọ bá àwọn oníṣẹ́ òkúta ní ìsọ̀ wọn láti mọ ohun tó fà á. Kò kúkú jẹ́ ìwà ọ̀lẹ nìkan. Díẹ̀ nínú wọn ló ṣì ń fi òòlù àti irin ṣe é. Kọ̀ǹpútà ni wọ́n fi ń to lẹ́tà, ẹ̀rọ á gé e sára sítíkà, wọ́n á lẹ sítíkà mọ́ òkúta, wọ́n á ṣí ojú lẹ́tà, wọ́n á sì fi ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ da iyanrìn lù ú títí yóò fi jẹ wọlé. Inú kọ̀ǹpútà ni wàhálà ti bẹ̀rẹ̀. Ọ̀pọ̀ lẹ́tà ayé ló ní nọ́ńbà tirẹ̀ nínú ètò tí wọ́n ń pè ní Unicode. Ẹ, Ọ àti Ṣ ní nọ́ńbà tiwọn lẹ́yọ lẹ́yọ. Ẹ́, Ẹ̀, Ọ́ àti Ọ̀ kò ní. Ẹni tó bá fẹ́ wọn gbọ́dọ̀ mú lẹ́tà, kó wá gbé àmì ohùn lé e lórí bí ẹni gbé ẹrù lé ọmọ lórí. Bí fóǹtì tó ń lò kò bá mọ bí wọ́n ṣe ń gbé e, àmì á sún sẹ́gbẹ̀ẹ́, tàbí kó gun lẹ́tà tó tẹ̀ lé e, tàbí kí àpótí kékeré kan jókòó sípò rẹ̀. Oníṣẹ́ á wò ó, á ní ó ti bàjẹ́, á yọ gbogbo rẹ̀. Bí ó bá tilẹ̀ tò ó re, ẹyọ ìsàlẹ̀ lórí sítíkà jẹ́ ihò tóótòòtó tí wọ́n ní láti fi abẹ́rẹ́ ṣí lọ́kọ̀ọ̀kan. Ọmọ iṣẹ́ tó ń kánjú, kò ní rí i. Ojú ihò tí wọn kò bá ṣí, iyanrìn kò lè wọ ibẹ̀.

Nínú ìrìn yẹn ni mo pàdé bàbá kan tó ṣì ń fi ọwọ́ fín òkúta. Mo mú un lọ síbi ibojì. Ó jókòó sílẹ̀ níwájú òkúta náà, ó fi ìka wọn àlàfo tó wà láàrin ìlà kan sí èkejì, kò sọ nǹkan kan fún ìgbà díẹ̀. Ó ní, "Mà, ti ìsàlẹ̀ á ṣeé ṣe. Ti òkè, kò sáyè. Wọ́n ti to ìlà pọ̀ jù. Bí mo bá ní kí n fi àmì sórí ìlà kejì, á wọ inú ẹsẹ̀ ìlà kìíní." Mo bi í bóyá a lè pa gbogbo rẹ̀ rẹ́ ká tún un fín. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́. Ó ní a ó ní láti ha ojú òkúta náà wọlé títí yóò fi jìn ju lẹ́tà lọ, òkúta ọ̀hún kò sì nípọn tó bẹ́ẹ̀. Ó wá sọ ohun kan tí mo kọ sínú ìwé àkọsílẹ̀ mi lójú ẹsẹ̀: èyí tí a gbàgbé, a lè fi kún un, èyí tí a fín ṣìnà, a ò lè kó o.

Mo ka ẹyọ tó kù. Ọ̀kan nínú orúkọ bàbá mi, Ọlátúnjí. Méjì nínú ọkọ. Mẹ́fà nínú àdúrà ìlà ìkẹyìn, kí Ọlọ́run tẹ́ wọn sí afẹ́fẹ́ rere: méjì nínú Ọlọ́run, ọ̀kan nínú tẹ́, ọ̀kan nínú wọn, méjì nínú afẹ́fẹ́. Mẹ́sàn-án ni gbogbo rẹ̀. Ó fi pẹ́ńsù sàmì sí mẹ́sẹ̀ẹ̀sán, ó sì ní kí n wò wọ́n kí òun tó gbé òòlù. Mo wò wọ́n lẹ́ẹ̀mejì. Irin ẹlẹ́nu ṣóńṣó ló lò. Kò lù ú gidi. Ó ń fi òòlù kan ìdí irin náà ní kíkàn jẹ́jẹ́, ó sì ń yí irin láàrin ìka. Eruku mábù ń yọ, ó funfun, ó fúyẹ́. Ó fẹ́ ẹ kúrò. Ihò kọ̀ọ̀kan kò ju orí ìṣáná lọ. Ó fi búrọ́ọ̀ṣì tín-ínrín kun ọ̀dà dúdú sínú wọn, ó nu etí wọn. Kò lò ju wákàtí mẹ́ta lọ, ó sì gba owó tí kò pọ̀.

Òkúta náà kò tíì pé. BABA ṣì wà láìní ohùn lórí, ṣùgbọ́n ẹni tó bá ti ka ỌKỌ tán kò ní ka ọkà mọ́. Ọ̀dà ẹyọ mẹ́sàn-án yẹn dúdú ju ti àwọn lẹ́tà yòókù lọ, gbogbo ẹni tó bá débẹ̀ ló ń rí i pé ẹ̀yìn ni wọ́n dé. N kò ní kí ẹnikẹ́ni kùn wọ́n kí wọ́n lè bára mu.

Àwọn ènìyàn ti ń mú ọ̀rọ̀ òkúta tiwọn wá bá mi báyìí, láti ìjọ wa àti láti mọ́ṣáláṣí tó wà ní ẹ̀yìn ilé. Mi ò kì í kọ ọ́ sínú fóònù fún wọn. Orí bébà ni mo ń kọ ọ́ sí, bí yóò ṣe tóbi tó lára òkúta gan-an, lẹ́tà ní dúdú, àmì ní pupa. Mo ń fi ìka mẹ́ta sílẹ̀ láàrin ìlà sí ìlà. Mo sì ń sọ fún wọn pé bí ọ̀rọ̀ bá pọ̀ jù fún àyè yẹn, ọ̀rọ̀ ni kí wọ́n dín, kí wọ́n má ṣe dín àmì.

Ìyá mi ti lé ní ẹni ọdún 85. Nígbà tí mo dé láti ibi ibojì lọ́jọ́ yẹn, mo ròyìn fún wọn. Wọ́n ní kí n gbé igbá wọn sọ̀kalẹ̀ lórí kọ́bọ́ọ̀dù. Wọ́n gbé ọmọrí rẹ̀ lé itan, wọ́n fi ọwọ́ pa ojú rẹ̀. Wọ́n ní, "Bó bá di ọjọ́ tèmi, orúkọ tó wà níbí ni kí ẹ wò kọ. Bàbá yín ló kọ ọ́, bàbá mi ló fín in." Wọ́n gbé e fún mi. Mo gbé bébà lé e lójú, mo fi ẹ̀gbẹ́ pẹ́ńsù pa á lọ pa á bọ̀, orúkọ náà yọ ní funfun láàrin dúdú, pẹ̀lú àmì márààrún.